Etymonline: sáìtì tó jẹ́ kí n mọ ohun tí lọ́yà ń pè ní “tergiversate”

Ẹ kú ojúmọ́ o. Ó ti pẹ́ tó ti wà lọ́kàn mi pé màá kọ nǹkan nípa sáìtì yìí, iṣẹ́ ni kì í jẹ́ kí n ráyè, ṣùgbọ́n nígbà tí ẹnì kan níbi iṣẹ́ wa tún bi mí lánàá pé ibo ni mo ti ń rí àwọn ìtumọ̀ tí mo máa ń lò, mo ní ó ti tó àsìkò. Etymonline lorúkọ ẹ̀. Orírun ọ̀rọ̀ gẹ̀ẹ́sì ni wọ́n kó jọ síbẹ̀, ibi tí ọ̀rọ̀ ti wá, èdè tó gbà kọjá, ohun tó túmọ̀ sí kó tó dé ọ̀dọ̀ òyìnbó, ọ̀fẹ́ sì ni, kò gba kọ́bọ̀ lọ́wọ́ mi láti nǹkan bí ọdún méjì tí mo ti ń lò ó.

Iṣẹ́ ògbufọ̀ ni mò ń ṣe ní kóòtù. Tí lọ́yà bá fi gẹ̀ẹ́sì bi ẹlẹ́rìí tí kò gbọ́ gẹ̀ẹ́sì ní ìbéèrè, èmi ni màá sọ ọ́ ní Yorùbá, tí ẹlẹ́rìí bá fèsì, èmi náà ni màá gbé e padà sí gẹ̀ẹ́sì kí adájọ́ tó kọ ọ́ sílẹ̀, torí ọwọ́ ni adájọ́ tiwa ṣì fi ń kọ gbogbo ẹ̀ sínú ìwé ńlá. Kò sí àyè pé ẹ dúró ná kí n lọ wò ó wá. Ohun tí mo bá sọ ni adájọ́ máa kọ, ohun tí adájọ́ bá kọ ni wọ́n máa fi dájọ́, ilẹ̀ èèyàn lè tibẹ̀ lọ, ọmọ èèyàn lè tibẹ̀ wẹ̀wọ̀n. Ìtumọ̀ ọ̀rọ̀ kì í ṣe eré lọ́dọ̀ mi rárá.

Lọ́jọ́ tí mò ń sọ yìí, ẹjọ́ ilẹ̀ la wà lórí ẹ̀. Ìyá àgbà kan ló dúró nínú àpótí ẹlẹ́rìí, wọ́n ti lé láàádọ́rin ọdún dáadáa, wọ́n wé gèlè funfun, wọ́n fi ọwọ́ méjèèjì di igi àpótí yẹn mú. Lọ́yà bi wọ́n pé ta ló gbin pèrègún tó wà ní ààlà. Wọ́n ní bàbá ọkọ àwọn ni. Lọ́yà tún gba ọ̀nà mìíràn bi wọ́n, ṣé ojú wọn ló ṣe gbìn ín, wọ́n ní rárá o, nígbà tí àwọn wọlé ọkọ ni àwọn bá a níbẹ̀, ó tiẹ̀ ti ga ju àwọn lọ nígbà yẹn. Bí lọ́yà ṣe gbọ́ ìyẹn ló yíjú sí adájọ́, ó fa gáùn ẹ̀ sókè léjìká, ó ní kí màmá yéé “tergiversate” níwájú ilé ẹjọ́ ọlọ́wọ̀ yìí.

Mo lanu, kò sí nǹkan tó jáde. Adájọ́ dá bírò dúró lórí ìwé, wọ́n gbójú sókè wò mí. Fáànù òkè nìkan ló ń dún. Màmá náà wò mí, wọ́n ní, “Kí ni wọ́n wí, ọmọ mi?” Ó ti lé lọ́dún mẹ́sàn-án tí mo ti wà lẹ́nu iṣẹ́ yìí nígbà yẹn, mi ò gbọ́ ọ̀rọ̀ yẹn rí. Mo bẹ adájọ́ pé kí wọ́n jọ̀ọ́ jẹ́ kí lọ́yà fi ọ̀rọ̀ mìíràn sọ ọ́, lọ́yà ní ohun tí òun ń sọ ni pé màmá ń yẹ ìbéèrè, mo sọ bẹ́ẹ̀ fún màmá, wọ́n ní àwọn ò yẹ nǹkan kan, ohun tí àwọn mọ̀ ni àwọn ń sọ. Bẹ́ẹ̀ la ṣe kọjá níbẹ̀. Ṣùgbọ́n inú mi ò dùn délé, torí ó ṣe mí bíi pé ọ̀rọ̀ tí lọ́yà kọ́kọ́ sọ wúwo ju èyí tó fi rọ́pò ẹ̀ lọ. Wọ́n fẹ̀sùn kan màmá ní gbangba, màmá ò sì gbọ́ ẹ̀sùn náà bó ṣe rí gan-an.

Alẹ́ ọjọ́ yẹn ni mo bẹ̀rẹ̀ sí í wá a. Mo ní díkíṣọ́nárì tòkunbọ̀ kan nílé tí mo rà lọ́wọ́ àwọn tó ń tẹ́ ìwé sẹ́gbẹ̀ẹ́ títì, ìwé ńlá tó ki dáadáa, àfi bí mo ṣe dé ibi lẹ́tà T tí mo rí i pé ewé bíi mélòó kan ti ya kúrò níbẹ̀, ó fo láti “tenth” bọ́ sí “testify”. Mo wá lọ sórí áàpù kan lórí fóònù mi, mi ò ní dárúkọ ẹ̀, èyí tí mo fi káàdì báńkì mi sí nígbà kan torí wọ́n ní ọjọ́ méje àkọ́kọ́ ọ̀fẹ́ ni, oṣù mẹ́ta ni wọ́n fi yọ owó kí n tó fura. Ìyẹn fún mi ní ìtumọ̀ ṣá. Ó ní kí èèyàn máa yẹ ọ̀rọ̀ láì fèsì tààrà, ó tún ní kí èèyàn kúrò lẹ́yìn ẹgbẹ́ ẹ̀ tàbí ohun tó gbà gbọ́ lọ bá òdìkejì. Ìtumọ̀ méjì lórí ìlà kan. Èwo ni lọ́yà ń sọ nínú méjèèjì? Kí ló tiẹ̀ so wọ́n pọ̀? Ẹni tó ń yẹ ìbéèrè lè má kúrò lẹ́yìn àwọn èèyàn ẹ̀ rárá, ẹni tó sì ti fi ẹgbẹ́ sílẹ̀ lè sọ ojú abẹ níkòó pé òun ti lọ nìyẹn. Ìtumọ̀ wà lọ́wọ́ mi, ọ̀rọ̀ náà ò sì tíì yé mi.

Google ló gbé mi dé Etymonline. Mo tẹ ọ̀rọ̀ náà síbẹ̀, òun àti àwọn ìbátan ẹ̀ jáde, ohun tí wọ́n kọ síbẹ̀ ò ju ìlà mélòó kan lọ: inú èdè Látìnì ló ti wá, “tergiversari”. “Tergum” ni ẹ̀yìn, ẹ̀yìn ara èèyàn tí ìyá fi ń pọn ọmọ. “Versare” ni kéèyàn máa yí nǹkan. Kéèyàn máa yí ẹ̀yìn dà.

Mo dìde lórí àga. Pẹ̀yìndà ni! Ọ̀rọ̀ tí mo ti ń gbọ́ láti kékeré lẹ́nu oníwàásù, tí wọ́n bá ti ń bá àwọn tó ti kúrò lójú ọ̀nà wí, apẹ̀yìndà ni wọ́n máa ń pè wọ́n. Òun gan-an ni lọ́yà fi gẹ̀ẹ́sì gígùn gbé wá sí kóòtù.

Ẹ jẹ́ ká tú u wò, torí ibí yìí ló dùn mọ́ mi jù. Pa ẹ̀yìn dà. Ẹ wo àwọn àbúrò ẹ̀ lẹ́nu wa: paradà, ìyẹn pa ara dà, pohùndà, pa ohùn dà, pawọ́dà, pa ọwọ́ dà. “Pa” àti “dà” tó há ẹ̀yìn sáàárín yìí ló ń ṣe iṣẹ́ tí “versare” ń ṣe fún àwọn ará Róòmù, “ẹ̀yìn” ló wà níbi tí “tergum” wà, bí ẹni pé aṣọ ẹgbẹ́jọdá ni ọ̀rọ̀ méjèèjì wọ̀. Yorùbá ò yá a lọ́wọ́ Látìnì, Látìnì ò sì mọ̀ wá rí. Ara èèyàn ni àwọn méjèèjì ń wò kí wọ́n tó sọ̀rọ̀, ẹni tí kò bá fẹ́ kí ojú òun kan ojú ẹ, ẹ̀yìn ló máa kọ sí ẹ. Ìtumọ̀ méjì tó ń dà mí láàmú lórí áàpù yẹn sì di ọ̀kan ṣoṣo lójú mi lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀: ẹni tó ń yẹ ìbéèrè kẹ̀yìn sí ìbéèrè, ẹni tó fi ẹgbẹ́ sílẹ̀ kẹ̀yìn sí ẹgbẹ́. Ẹ̀yìn kan náà ni. Kò sí díkíṣọ́nárì tó lè fi ìtumọ̀ lásán jẹ́ kí n rí ìyẹn, orírun ọ̀rọ̀ ló fi hàn mí.

Ohun kan tún wà níbẹ̀ tí mi ò kíyè sí lálẹ́ ọjọ́ àkọ́kọ́, ìgbà tí mo padà síbẹ̀ ni mo rí i. “Versare” yìí fúnra ẹ̀, ara “vertere” ló ti jáde. “Vertere” ni kí nǹkan yí, “versare” ni kó máa yí léraléra, bí àkàrà ṣe ń yí nínú epo lọ́wọ́ ẹni tó ń dín in. Ìyẹn ni pé ẹni tó yí ọkàn padà lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo, tó ní mo ti ronú sí i o, ohun tí mo sọ tẹ́lẹ̀ kì í ṣe bẹ́ẹ̀, ẹni yẹn ò tíì ṣe ohun tí ọ̀rọ̀ yìí ń sọ. Ẹni tó ń kọ ẹ̀yìn síbí, tó tún kọ ọ́ sọ́hùn-ún, tó tún ń yí padà, òun ni. Torí náà nínú ìwé kékeré tí mo ń kó ọ̀rọ̀ sí, mi ò kọ “pẹ̀yìndà” nìkan, “ń pẹ̀yìndà lemọ́lemọ́” ni mo kọ.

Mo wá ronú padà sọ́dọ̀ màmá. Bàbá ọkọ wọn ló gbin pèrègún, ohun tí wọ́n gbọ́ nìyẹn. Wọ́n bá a níbẹ̀ nígbà tí wọ́n wọlé ọkọ, ohun tí wọ́n fojú rí nìyẹn. Kò sí èyí tó ta ko èkejì. Wọn ò pẹ̀yìndà lẹ́ẹ̀kan, ká má tiẹ̀ ti sọ lemọ́lemọ́. Ká ní mo mọ ọ̀rọ̀ náà lọ́jọ́ yẹn, tí mo sọ ọ́ fún wọn bó ṣe wúwo tó, ó dá mi lójú pé èsì tó le ju èyí tí wọ́n fọ̀ lọ ni wọ́n ì bá fọ̀.

Ibi tí Etymonline ti ràn mí lọ́wọ́ náà ni pé kò kàn sọ orírun kó dákẹ́, tẹ́ ẹ bá tẹ “vertere” yẹn, gbogbo ọmọ ẹ̀ ló máa tò sílẹ̀ fún yín. “Reverse” tí àwọn awakọ̀ ń pè ní rífáàsì, ọmọ ẹ̀ ni. “Convert”, ẹni tí wọ́n yí lọ́kàn padà. “Anniversary”, ọdún tó yípo dé. “Verse” tí a ń pè ní ẹsẹ Bíbélì, òun náà jáde láti ara yíyí, torí “versus” ni àwọn ará Látìnì ń pe ìlà tí àgbẹ̀ ń fi ohun ìtúlẹ̀ fà sórí ilẹ̀, tó bá fà á dé òpin a yí màlúù padà kó tó bẹ̀rẹ̀ òmíràn, ìlà ìwé náà wá gba orúkọ yẹn. Mo lò tó wákàtí méjì lórí ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo lálẹ́ yẹn, iná ti lọ, fóònù nìkan ló ń tàn.

Ọ̀rọ̀ náà wá gbé mi lọ síbi tí mi ò retí, inú òfin Róòmù, mo sì fẹ́ kí ẹni tó bá ń ṣiṣẹ́ kóòtù mọ èyí. Nílùú Róòmù ayé àtijọ́ kò sí ọlọ́pàá tó ń gbé èèyàn lọ sílé ẹjọ́ lórúkọ ìjọba bíi tiwa, aráàlú kan ló máa dìde pé òun fẹ̀sùn kan lágbájá, òun náà ló máa ro ẹjọ́ ọ̀hún. Ẹ wá wò ó, tí olùfẹ̀sùn bá gba owó lábẹ́lẹ̀ ńkọ́? Wọ́n pín ìwà ìbàjẹ́ olùfẹ̀sùn sọ́nà mẹ́ta, amòfin kan tó ń jẹ́ Marcian kọ ọ́ sílẹ̀, wọ́n sì kó o sínú ìwé òfin ńlá tí ọba Justinian ní kí wọ́n ṣe, tó jáde lọ́dún 533. “Calumniari” ni kó parọ́ mọ́ èèyàn. “Praevaricari” ni kó bo ẹ̀ṣẹ̀ tó jẹ́ òótọ́ mọ́lẹ̀. “Tergiversari” ni kó pa ẹjọ́ tì pátápátá, kó kẹ̀yìn sí i kó máa lọ. Òfin kan tiẹ̀ ti wà látọdún 61 nígbà ayé ọba Nero tó ń fìyà jẹ ẹni tó bá kẹ̀yìn sí ẹ̀sùn tó fúnra ẹ̀ gbé wá. Ẹ ò rí i pé ilé ẹjọ́ ni ọ̀rọ̀ yìí ti ń jayé ẹ̀ tipẹ́, ó kàn jẹ́ pé ẹni tó ń gbé ẹjọ́ wá ni wọ́n ń fi bá wí, kì í ṣe ìyá àgbà tó dúró nínú àpótí ẹlẹ́rìí. Àwa náà mọ irú èèyàn bẹ́ẹ̀, ẹni tó pariwo títí ẹjọ́ fi dé kóòtù, tó bá wá di ọjọ́ ìgbẹ́jọ́ a ò ní rí i mọ́.

“Praevaricari” ọ̀hún ló di “prevaricate” lẹ́nu òyìnbó, àwọn lọ́yà wa fẹ́ràn ìyẹn ju “tergiversate” lọ. Mo wò ó náà. “Varus” ni ẹsẹ̀ tó tẹ̀, tó wọ́. Láti ibẹ̀ ni wọ́n ti ní ọ̀rọ̀ kan fún ẹni tó ya ẹsẹ̀ gbàgà rìn, ìkan síbí ìkan sọ́hùn-ún. Ẹni tó bá ń rìn bẹ́ẹ̀ kò lè rìn tààrà. Pliny, ará Róòmù tó kú lọ́dún 79 nígbà tí òkè Vesuvius bú gbàmù, ló sọ pé lóko ni ọ̀rọ̀ náà ti wá kó tó dé kóòtù: àgbẹ̀ tí kò bá bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ dáadáa sídìí ohun ìtúlẹ̀, pòrò ẹ̀ á wọ́ ni. Ẹni tó bá ti kọ ebè rí mọ ohun tí bàbá yẹn ń sọ, tí pòrò kan bá ti wọ́, gbogbo èyí tó bá tẹ̀ lé e ló máa wọ́ tẹ̀ lé e. Mo kọ “sọ̀rọ̀ kọ́lọkọ̀lọ” sí iwájú ẹ̀ nínú ìwé mi. Ìyàtọ̀ wọn wá hàn kedere: ẹni tó ń “prevaricate” ṣì ń rìn bọ̀ lọ́dọ̀ ẹ, ọ̀nà ẹ̀ ni kò gún, ẹni tó ń “tergiversate” ti kẹ̀yìn sí ẹ. Nígbà tí mo wà lórí ọ̀rọ̀ oko yìí ni mo tún já lu “delirium”, tí àwọn dókítà ń lò fún ẹni tí àìsàn ń mú sọ ìsọkúsọ. “Lira” ni ebè, “de lira”, ó ti yà kúrò lórí ebè. Àgbẹ̀ ni àwọn èèyàn yẹn lóòótọ́.

Ó yá, ẹ jẹ́ kí n sọ bí sáìtì náà ṣe rí fún ẹni tó bá fẹ́ lò ó. Ọ̀rọ̀ lásán ló pọ̀ jù níbẹ̀, kì í jẹ dátà. Fóònù tí kò lágbára náà máa ṣí i. Ibì kan wà lókè tẹ́ ẹ máa tẹ ọ̀rọ̀ sí, tẹ́ ẹ bá sì ṣi lẹ́tà kan tẹ̀, ẹ lè kọ ìdajì ọ̀rọ̀ náà nìkan kó kó àwọn tó jọ ọ́ jáde. Ìpolówó ọjà wà níbẹ̀, mi ò bá ibẹ̀ jà, ohun tí wọ́n ń fi jẹun nìyẹn. Ọkùnrin kan ní Lancaster ní ìpínlẹ̀ Pennsylvania l'Amẹ́ríkà, Douglas Harper, ló bẹ̀rẹ̀ ẹ̀, ó ti lé lógún ọdún báyìí, inú àwọn ìwé orírun ọ̀rọ̀ ńlá ńlá tí owó wọn ga ju agbára àwa yìí lọ ló sì ti ń kó o jọ. Mo máa ń gbàdúrà fún un. Èèyàn kan jókòó sílé ẹ̀, ó ń ṣe nǹkan tí ògbufọ̀ kan ní ilẹ̀ Yorùbá ń jẹ àǹfààní ẹ̀ lálaalẹ́, àwọn méjèèjì ò sì mọ ara wọn.

Ẹ máa rí ọdún lẹ́gbẹ̀ẹ́ ọ̀rọ̀ púpọ̀ níbẹ̀. Ẹ má fi pe ọjọ́ ìbí ọ̀rọ̀ o. Ìgbà tí wọ́n kọ́kọ́ rí i nínú ìwé ni, ọ̀rọ̀ lè ti wà lẹ́nu àwọn èèyàn tipẹ́ kí ẹnikẹ́ni tó kọ ọ́ sílẹ̀. Mo ti gbọ́ tí ẹnì kan fi ọdún yẹn jiyàn níbi iṣẹ́, kò tọ́ bẹ́ẹ̀.

Nǹkan tó yẹ kẹ́ ẹ ṣọ́ra fún jùlọ: orírun ọ̀rọ̀ kọ́ ni ìtumọ̀ ẹ̀ lónìí. Ẹ wo “nice” tí gbogbo wa ń lò, inú “nescius” ló ti wá, ìyẹn aláìmọ̀kan ní Látìnì. Tí ẹnì kan bá ní “she is nice” ní kóòtù, tí mo wá túmọ̀ ẹ̀ pé aláìmọ̀kan ni arábìnrin yìí, iṣẹ́ mi ti bọ́ nìyẹn, ẹ̀tọ́ sì ni. Ọ̀rọ̀ máa ń rìn. Nígbà mìíràn ó máa ń rìn jìnnà débi tí kò ní rántí ilé bàbá ẹ̀ mọ́. Ohun tí mo máa ń ṣe ni pé màá kọ́kọ́ wo ìtumọ̀ tòní lórí sáìtì Merriam-Webster, ọ̀fẹ́ nìyẹn náà, wọ́n sì máa ń pe ọ̀rọ̀ jáde létí èèyàn, torí iṣẹ́ Etymonline kọ́ ni láti kọ́ ẹ bí wọ́n ṣe ń pe ọ̀rọ̀. Ibẹ̀ ni mo ti mọ̀ pé “g” inú “tergiversate” bíi “j” ni wọ́n ń pè é. Lẹ́yìn ìyẹn ni màá wá lọ sórí Etymonline láti wo gbòǹgbò ẹ̀, màá wá bi ara mi pé ṣé ọ̀rọ̀ yìí ṣì rántí gbòǹgbò ẹ̀? “Tergiversate” ṣì rántí. Ìdí nìyẹn tí Yorùbá fi bá a mu.

Ẹni tó bá fẹ́ Látìnì fúnra ẹ̀, tó fẹ́ rí ibi tí Cicero, lọ́yà Róòmù ayé àtijọ́, àtàwọn yòókù ti lo ọ̀rọ̀, sáìtì Perseus ni kó lọ, ti Yunifásítì Tufts l'Amẹ́ríkà. Wọ́n gbé díkíṣọ́nárì Látìnì ńlá tí Lewis àti Short ṣe lọ́dún 1879 síbẹ̀, ọ̀fẹ́ ni. Ìyẹn le díẹ̀ láti kà, ìkékúrú ọ̀rọ̀ pọ̀ níbẹ̀ jù, mi ò gbé e fún ẹni tó ń kánjú. Ẹ sì má rò pé “tergiversate” jẹ́ ọ̀rọ̀ tó ti kú, lọ́dún 2011 òun ni Dictionary.com mú ní ọ̀rọ̀ ọdún, wọ́n ní ọdún náà kún fún àyípadà, ọjà owó ń lọ sókè sódò, àwọn olóṣèlú àti aráàlú ò dúró lójú kan. Àwa tí olóṣèlú wa ń fi ẹgbẹ́ kan sílẹ̀ lónìí, tó tún ń padà síbẹ̀ tí ìbò bá ti ń bọ̀, a mọ ọ̀rọ̀ yẹn láìka ìwé.

Ohun kan ṣoṣo tó ń dùn mí tí mo bá wà lórí sáìtì yìí ni pé mi ò rí irú ẹ̀ fún Yorùbá. Samuel Crowther ti tẹ ìwé ọ̀rọ̀ Yorùbá jáde láti 1843, a ti ní díkíṣọ́nárì lóríṣiríṣi lẹ́yìn ìyẹn, ṣùgbọ́n ibi tí mo ti lè tẹ “pẹ̀yìndà” kó tú u palẹ̀ fún mi, kó to paradà àti pohùndà sí abẹ́ ẹ̀, kó sọ ẹni tó kọ́kọ́ kọ ọ́ sínú ìwé, mi ò tíì rí i. Èyí tó sún mọ́ ọn jù lójú mi ni YorubaName.com, wọ́n máa ń tú orúkọ èèyàn sí wẹ́wẹ́ níbẹ̀, ìyẹn náà dára gan-an, orúkọ nìkan ni ṣá. Tẹ́nì kan bá ń ṣe ti ọ̀rọ̀ yòókù lọ́wọ́ báyìí, kó jọ̀ọ́ jẹ́ kí n mọ̀, ìwé ọ̀rọ̀ tí mo ti kó jọ wà nílẹ̀, màá fún un láìgba owó.

Máàkì 9 nínú 10 ni mo fún Etymonline. Ọ̀kan tó kù, mo fi í sílẹ̀ torí ó máa ń gbà pé ẹni tó ń kà á ti mọ orúkọ èdè àtijọ́ àti gírámà Látìnì díẹ̀, ẹni tí kò bá mọ̀ máa kọ́kọ́ dàrú mọ́ ọn lójú fún ọ̀sẹ̀ kan. Akẹ́kọ̀ọ́ tó fẹ́ ṣe Wáẹ̀kì, olùkọ́, oníwàásù, akọ̀ròyìn rédíò tó ń túmọ̀ ìròyìn, gbogbo yín, ẹ lọ wò ó. Ẹ̀yin ògbufọ̀ ẹlẹgbẹ́ mi, ẹ má tiẹ̀ jẹ́ kí ilẹ̀ ṣú.

Nígbà tó di oṣù mẹ́jọ lẹ́yìn ẹjọ́ màmá, lọ́yà kan náà tún dúró níwájú wa, ẹjọ́ mìíràn ni, ọ̀rọ̀ owó ọjà láàárín bàbá kan àti oníbàárà ẹ̀. Bàbá yẹn wà nínú àpótí ẹlẹ́rìí láti àárọ̀. Lọ́yà bi wọ́n bi wọ́n, ó tún fa gáùn sókè léjìká, ó ní ẹlẹ́rìí ń “tergiversate”. Mi ò dúró. Mo yíjú sí bàbá, mo ní, “Wọ́n ní ẹ̀ ń pẹ̀yìndà lemọ́lemọ́ lórí ọ̀rọ̀ ara yín, sà.” Bàbá na ara wọn ró. Wọ́n ní, “Èmi? Ẹ bá mi sọ fún wọn pé ibi tí mo kọjú sí láàárọ̀ náà ni mo ṣì kọjú sí. Ẹgbẹ̀rún lọ́nà ọgọ́rin ni mo gbé fún un, níṣojú ìyàwó ẹ̀, ọjọ́ Sátidé.” Mo gbé e sí gẹ̀ẹ́sì bí wọ́n ṣe sọ ọ́, ojú tí wọ́n kọ síbẹ̀ àti gbogbo ẹ̀. Bírò adájọ́ ò dúró.